Ọ́fíìsì agbẹjọ́rò tí ó bá wa kọ̀wé kí wọ́n gbé ẹjọ́ àbúrò mi kúrò ní Oǹdó

Ọ́fíìsì agbẹjọ́rò tí mo fẹ́ sọ̀rọ̀ rẹ̀ wà ní òkè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì kan ní Àkúrẹ́, kò jìnnà sí ojú ọ̀nà Ọba Adésídà. N kò ní dárúkọ rẹ̀, nítorí pé mo ní ẹ̀sùn díẹ̀ tí mo fẹ́ kà sí wọn lẹ́sẹ̀, ẹjọ́ tí wọ́n sì ń bá wa ṣe kò tíì parí. Iṣẹ́ tí a gbé fún wọn kì í ṣe iṣẹ́ tí ènìyàn ń wá kiri lójoojúmọ́. A fẹ́ kí wọ́n bá wa kọ̀wé sí Adájọ́ Àgbà ìpínlẹ̀ Oǹdó, kí ó gbé ẹjọ́ ọ̀daràn tí wọ́n pe àbúrò mi ọkùnrin kúrò níwájú májísíréètì tí ó ń gbọ́ ọ, nítorí pé ẹ̀rù ojúsàájú ń bà wá. ₦120,000 ni wọ́n bù fún wa. A san ₦80,000 sílẹ̀, a sì san ìyókù lọ́jọ́ tí ìwé náà wọlé. Nínú gbogbo ohun tí wọ́n ṣe fún wa, èyí tí mo rò pé ó tó owó náà ni àwọn ọ̀rọ̀ tí wọ́n yọ kúrò nínú ìwé wa kí wọ́n tó tẹ̀ ẹ́.

Ọ̀rọ̀ oko kòkó ni ó fa ẹjọ́ náà. Oko bàbá wa àti ti ìdílé kan fẹ̀gbẹ́ kan ara wọn ní abúlé kan tí ọ̀kadà kì í rìn ju ọgbọ̀n ìṣẹ́jú lọ kí ó tó dé ìlú Oǹdó, pèrègún sì ni ààlà wọn láti ayé bàbá bàbá wa. Ní ẹ̀ẹ̀rùn tí ó kọjá, ẹnìkan hú pèrègún mẹ́ta, ẹnìkan gé igi kòkó mọ́kànlá tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ ń so, ìjà sì bẹ́ sílẹ̀ nínú oko. Àbúrò mi nìkan ni ọlọ́pàá mú. Ẹ̀sùn méjì ni wọ́n kà sí i lẹ́sẹ̀: pé ó ba ohun ìní ẹlòmíràn jẹ́, àti pé ó lu ọmọ olùfisùn ṣe léṣe. Ó ní òun kò jẹ̀bi. Adájọ́ gba béèlì rẹ̀ pẹ̀lú oníduúró méjì, ṣùgbọ́n ó ní ọ̀kan nínú wọn gbọ́dọ̀ jẹ́ òṣìṣẹ́ ìjọba tí ń gbé ní agbègbè kóòtù náà, kí a sì tó rí irú ẹni bẹ́ẹ̀, ọmọkùnrin náà ti sun oru mẹ́fà ní àtìmọ́lé. Láti ìgbà náà ni gbogbo ilé ti ń sọ pé adájọ́ náà kò fẹ́ rí wa sójú.

Tìbínú-tìbínú ni mo fi gun àkàsọ̀ ọ́fíìsì yẹn. Mo ti kọ ìdí mẹ́sàn-án sílẹ̀, ojú ìwé mẹ́rin gbáko, mo sì ti pinnu pé bí agbẹjọ́rò bá kà á tán, omi yóò bọ́ lójú rẹ̀. Obìnrin tí ó gbà wá, tí n kò rò pé ó tíì pé ogójì ọdún, kà á tán láìfọhùn, ó mú bírò pupa, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í fa ìlà. Ó fa ìlà sórí ọ̀rọ̀ béèlì. Ó fa ìlà sórí ọjọ́ tí adájọ́ pa àbúrò mi lẹ́nu mọ́, ó ní olùjẹ́jọ́ tí ó ní agbẹjọ́rò kò gbọ́dọ̀ máa dá sí ọ̀rọ̀ láti inú àpótí. Ó fa ìlà sórí bí adájọ́ ṣe rẹ́rìn-ín pẹ̀lú ọlọ́pàá olùpẹ̀jọ́ kí ìjókòó tó bẹ̀rẹ̀, ó ní àwọn méjèèjì jọ ń ríra lójoojúmọ́, òun náà sì máa ń bá wọn rẹ́rìn-ín. Ó fa ìlà sórí pé ọmọ Oǹdó ni adájọ́ náà, ó sì béèrè lọ́wọ́ mi bóyá àwa kì í ṣe ọmọ Oǹdó. Nígbà tí mo ṣàròyé, ó gbé ojú sókè, ó ní: “Ẹ má bínú, sà. Ìdájọ́ tí ó dá ni kò tẹ́ yín lọ́rùn. Ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn nìyẹn, kì í ṣe ojúsàájú.”

Ìdí kan ṣoṣo ni ó kù lórí ìwé náà, òun gan-an ni mo sì kọ gbẹ̀yìn, bí ẹni pé mo ń fi dí àlàfo. N óò padà sórí rẹ̀.

Mo fi èyí síwájú nínú àyẹ̀wò mi nítorí pé mo ti kọ́kọ́ lọ sí ọ̀dọ̀ ẹlòmíràn tí ó gbà láti kọ gbogbo rẹ̀ bí mo ṣe sọ ọ́, tí ó tilẹ̀ ní òun lè fi kún un pé adájọ́ náà ti gba owó. Owó tirẹ̀ kò tó ìdajì èyí tí a san níhìn-ín. Kò béèrè lọ́wọ́ mi ẹni tí ó rí owó náà, kò sì béèrè ohun tí yóò ṣẹlẹ̀ sí ẹni tí ó bá búra lórí ohun tí kò rí. Ẹni tí ó bá ń wá agbẹjọ́rò fún irú iṣẹ́ yìí, kí ó kíyè sí i bóyá agbẹjọ́rò náà ń bi í ní ìbéèrè tí ó ń ni í lára. Bí kò bá sí irú ìbéèrè bẹ́ẹ̀, ọ̀dọ̀ Adájọ́ Àgbà ni wọn yóò ti béèrè rẹ̀, ibẹ̀ sì ti pẹ́ jù.

Lẹ́yìn tí ó fa ìlà tán, agbẹjọ́rò wa fi nǹkan bí ogójì ìṣẹ́jú ṣàlàyé ohun tí à ń bẹ̀bẹ̀ fún gan-an, kò sì gba kọ́bọ̀ lé e. Ó bẹ̀rẹ̀ láti orí abala 36 ìwé òfin Nàìjíríà ti ọdún 1999, tí ó fún ẹni tí wọ́n fi ẹ̀sùn ọ̀daràn kàn ní ẹ̀tọ́ sí ìgbẹ́jọ́ tí ó tọ́, ní gbangba, láàárín àkókò tí ó bójú mu, tí ó sì ní kí kóòtù wà lómìnira, kí ó má gbè sẹ́yìn ẹnikẹ́ni. Ó ní ibẹ̀ ni ẹ̀bẹ̀ wa gbọ́dọ̀ ti jáde, kì í ṣe láti inú oru mẹ́fà tí àbúrò mi sùn. Ó wá sọ ìtàn ẹjọ́ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì kan ti ọdún 1924, tí àwọn agbẹjọ́rò mọ̀ sí ẹjọ́ àwọn adájọ́ Sussex. Wọ́n dá ọkùnrin kan tí ó ń gun alùpùpù lẹ́bi ìwakùwà lẹ́yìn ìjàǹbá ojú ọ̀nà. Akọ̀wé àwọn adájọ́ náà sì jẹ́ ọ̀kan nínú àwọn agbẹjọ́rò iléeṣẹ́ tí ó fẹ́ gba owó ìbàjẹ́ lọ́wọ́ ọkùnrin yìí lórí ìjàǹbá kan náà. Akọ̀wé náà tẹ̀lé àwọn adájọ́ wọ yàrá nígbà tí wọ́n lọ gbìmọ̀. Àwọn adájọ́ ní àwọn kò bi í ní ohunkóhun, kò sì sí ẹni tí ó ní irọ́ ni wọ́n ń pa. Síbẹ̀, ilé ẹjọ́ gíga wọ́gi lé ìdájọ́ náà, Lord Hewart, tí ó jẹ́ adájọ́ àgbà ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì nígbà náà, sì sọ ọ̀rọ̀ tí àwọn agbẹjọ́rò kò tíì jẹ́ kí ó gbó títí di òní: pé kò tó kí ìdájọ́ jẹ́ òdodo, ojú gbogbo ayé gbọ́dọ̀ rí i pé òdodo ni.

Èyí tí ó yé mi jù ni ti ilé wa níbí. Ní ọdún 1995, nígbà tí ọ̀rọ̀ béèlì MKO Abíọ́lá dé ilé ẹjọ́ tí ó ga jù lọ, ọ̀pọ̀ nínú àwọn adájọ́ ibẹ̀ ti pe iléeṣẹ́ ìwé ìròyìn Concord, tí Abíọ́lá ni ín, lẹ́jọ́ ìbanilórúkọjẹ́. Agbẹjọ́rò rẹ̀ ta kò wọ́n, àwọn tí ọ̀rọ̀ kàn yọwọ́, àwọn tí ó kù kò sì tó iye tí ó lè jókòó gbọ́ ẹjọ́ náà. Agbẹjọ́rò wa ní kí a wo ibẹ̀ dáadáa: ẹni tí ó borí nínú àtakò náà ṣì wà ní àtìmọ́lé. Mo rò pé ìyẹn ni ó fẹ́ kí n gbọ́ kí n tó fọwọ́ sí ìwé, pé gbígbé ẹjọ́ kúrò lọ́dọ̀ adájọ́ kan lè ṣàǹfààní, kí ó sì tún fa ẹjọ́ gùn. Ó tún mẹ́nu ba Adájọ́ Zainab Bulkachuwa, tí ó jẹ́ ààrẹ ilé ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn ní ọdún 2019, tí ó yọwọ́ kúrò nínú ìgbìmọ̀ tí ń gbọ́ ẹjọ́ ìbò ààrẹ nígbà tí àwọn olùpẹ̀jọ́ ní ọkọ rẹ̀ jẹ́ ẹni tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ dìbò yàn sí ilé aṣòfin àgbà lábẹ́ ẹgbẹ́ APC. Ìgbìmọ̀ náà fúnra rẹ̀ ní àtakò yẹn kò lẹ́sẹ̀ nílẹ̀. Síbẹ̀ obìnrin náà dìde kúrò níbẹ̀ fúnra rẹ̀.

Láti inú gbogbo èyí ni mo ti lóye pé wọn kò ní bi wá bóyá adájọ́ náà burú. Wọn yóò bi wá bóyá ẹni tí orí rẹ̀ pé, tí ó mọ ọ̀rọ̀ náà tinú-tẹ̀yìn, tí kò sì bá ẹnikẹ́ni tan nínú àwa méjèèjì, yóò rí ohun tí a rí, kí ẹ̀rù sì ba òun náà.

Ohun tí a rí, tí ó jẹ́ ìdí kan ṣoṣo tí ó kù lórí ìwé mi, ni aṣọ. Ní nǹkan bí ọdún kan kí ìjà oko tó ṣẹlẹ̀, ìyá olùfisùn kú, wọ́n sì sìnkú rẹ̀ ní Oǹdó. Àbúrò ìyá wa obìnrin, tí ó ń se oúnjẹ òde àríyá, ni wọ́n gbé iṣẹ́ oúnjẹ fún. Ó ya fọ́tò ìkòkò ìrẹsì àti àwo ẹran rẹ̀, bí ó ti máa ń ṣe kí ó lè fi han àwọn oníbàárà. Lẹ́yìn ìkòkò náà ni obìnrin mẹ́rin jókòó sí, ọ̀kan nínú wọn sì ni adájọ́ wa. Ní tèmi, pé ó jókòó nílé olùfisùn ti tó. Agbẹjọ́rò wo fóònù náà títí, ó fi ìka méjì fẹ̀ ẹ́, ó sì ní kò tíì tó nǹkan kan. Ó ní aṣọ ẹbí kì í ṣe ìbátan, pé òun fúnra òun ra aṣọ ẹbí mẹ́ta lọ́dún tí ó kọjá lọ́wọ́ àwọn tí òun kò mọ ìyá wọn. Àbúrò ìyá wa, tí kò tíì sọ̀rọ̀ láti ìgbà tí a ti wọlé, ni ó là á yé wa. Ó ní oríṣi aṣọ mẹ́ta ni wọ́n wọ̀ lọ́jọ́ náà: àwọn ọmọ olóògbé wọ léèsì funfun, àwọn àlejò ra àǹkárá aláwọ̀ omi aró, àwọn ìyàwó ilé sì wọ àdìrẹ aláwọ̀ ìyẹ̀rosùn tí olórí ìyàwó ilé pín fún wọn, tí wọn kò tà fún ẹni tí ó wá láti òde. Àdìrẹ yẹn ni ó wà lára adájọ́ nínú fọ́tò. Agbẹjọ́rò gbé fóònù sílẹ̀, ó fa ìwé tuntun jáde, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í kọ.

Bí n bá ń fi ìràwọ̀ díwọ̀n iṣẹ́, ibi tí wọ́n ti gba ìràwọ̀ jù lọ́wọ́ mi ni ìwé ìbúra. Àbúrò ìyá wa kò kàwé, bẹ́ẹ̀ ni Gẹ̀ẹ́sì sì ni wọ́n fi ń kọ ìwé ìbúra. Ọ̀dọ́mọkùnrin akọ̀wé wọn jókòó tì í, ó sì ń túmọ̀ gbólóhùn kọ̀ọ̀kan fún un ní Yorùbá, ó ń sọ ọ́ bí àwọn ará Oǹdó ṣe ń sọ ọ́, kò kánjú. Nígbà tí wọ́n dé ìpínrọ̀ kẹfà, tí wọ́n kọ síbẹ̀ pé òun mọ̀ pé adájọ́ náà jẹ́ ìyàwó ilé nínú ìdílé olùfisùn, obìnrin náà gbé ọwọ́ sókè. “N kò sọ pé mo mọ̀ ọ́n sí ìyàwó ilé. Aṣọ ìyàwó ilé ni mo ní ó wọ̀.” Akọ̀wé náà lọ pe agbẹjọ́rò. Agbẹjọ́rò dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀, ó yí gbólóhùn náà padà síbi tí obìnrin náà fi í sí, ó ní kí wọ́n tún ojú ìwé náà tẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀. N kò mọ iye ọ́fíìsì tí yóò ṣe bẹ́ẹ̀ fún ẹlẹ́rìí tí ó ń tẹ àtàǹpàkò. Wọ́n fi gbólóhùn sí ìsàlẹ̀ pé wọ́n ti kà á, wọ́n sì ti túmọ̀ rẹ̀ fún un, ó sì yé e kí ó tó tẹ̀ka; wọ́n kọ orúkọ ẹni tí ó túmọ̀ rẹ̀; wọ́n sì mú un lọ búra níwájú òṣìṣẹ́ kóòtù. Ẹ̀rù ń ba àbúrò ìyá wa yẹn, kì í ṣe nítorí ìbúra, ṣùgbọ́n nítorí pé ó mọ̀ pé ìdílé olùfisùn kò ní gbé iṣẹ́ oúnjẹ fún òun mọ́. Bẹ́ẹ̀ náà ni ó sì rí.

Àwọn ìkùnà wọn kò kéré o. Èkínní ni pé wọ́n gbàgbé ìwé ẹ̀rí fọ́tò. Ohun tí ó bá jáde láti inú fóònù tàbí kọ̀ǹpútà, abala 84 òfin ẹ̀rí ti ọdún 2011 ń béèrè ìwé kan tí yóò sọ irú ẹ̀rọ tí ó jẹ́ àti bí wọ́n ṣe rí nǹkan náà mú jáde nínú rẹ̀. Agbẹjọ́rò ní ó dára kí ó wà níbẹ̀ kí ẹnikẹ́ni má baà fi ìyẹn ta kò wá, ṣùgbọ́n ọjọ́ kẹta lẹ́yìn tí wọ́n ti dá àbúrò ìyá wa padà sí Oǹdó ni wọ́n tó rántí. Ó tún gun ọkọ̀ padà wá sí Àkúrẹ́ nítorí ìwé tí wọn ì bá ti ṣe nígbà tí ó jókòó níwájú wọn, èmi ni mo sì san owó ọkọ̀ náà. Èkejì ni pé nọ́ńbà ẹjọ́ tí wọ́n kọ sórí ìwé náà kì í ṣe ti àbúrò mi. Nọ́ńbà kan ṣoṣo ni wọ́n ṣì, ṣùgbọ́n ìwé tí ń lọ sí tábìlì Adájọ́ Àgbà pẹ̀lú nọ́ńbà ẹjọ́ ẹlòmíràn lè sùn sínú fáìlì tí a kò mọ̀ títí ayé. Èmi ni mo rí i, kì í ṣe àwọn.

Àṣìṣe kẹta ni ó fẹ́rẹ̀ẹ́ ba gbogbo rẹ̀ jẹ́, ọ̀rọ̀ àkókò ni. Òfin ìgbẹ́jọ́ ọ̀daràn ti ìjọba àpapọ̀, tí wọ́n ṣe ní ọdún 2015, sọ ní abala 98 pé Adájọ́ Àgbà lè gbé ẹjọ́ láti kóòtù kan lọ sí òmíràn bí ó bá rí i pé yóò ran òdodo lọ́wọ́ tàbí pé yóò jẹ́ kí àlàáfíà wà láàárín ìlú, ṣùgbọ́n kò gbọ́dọ̀ lo agbára yìí mọ́ bí olùpẹ̀jọ́ bá ti pe ẹlẹ́rìí. Bí ó bá sì jẹ́ pé ìwé ẹ̀bẹ̀ tí ẹnìkan kọ sí i ni ó fa á, òfin náà ní kí wọ́n kọ́kọ́ fi ọ̀rọ̀ náà lé ìgbìmọ̀ agbẹjọ́rò tí kò ju mẹ́ta lọ lọ́wọ́ láti wádìí rẹ̀. Ìpínlẹ̀ Oǹdó ní òfin tirẹ̀ fún àwọn kóòtù rẹ̀, ṣùgbọ́n agbẹjọ́rò wa ní kí a fi ààlà yìí sọ́kàn bí ẹni pé tiwa ni, nítorí pé kò sí adájọ́ àgbà tí inú rẹ̀ máa ń dùn láti fọ́ ẹjọ́ tí ẹlẹ́rìí ti ń jẹ́rìí nínú rẹ̀. Òun fúnra rẹ̀ ni ó sọ èyí lọ́jọ́ àkọ́kọ́, tí ó ní ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ni a ní kí ẹlẹ́rìí àkọ́kọ́ tó wọ àpótí. Síbẹ̀ ó gbà wọ́n ní ọjọ́ mẹ́tàdínlógún kí ìwé ojú ewé márùn-ún tó jáde. Bí mo bá pè, wọn yóò ní “ó ti wà lórí tábìlì ọ̀gá.” Ní ọjọ́bọ̀ ni wọ́n tó fi í sílẹ̀ ní ọ́fíìsì Adájọ́ Àgbà, ọjọ́ ajé tí ó tẹ̀lé e sì ni ìgbẹ́jọ́.

Kí n tó sọ ohun tí ó ṣẹlẹ̀ lọ́jọ́ ajé náà, ẹ jẹ́ kí n sọ ìdí tí a fi gba ọ̀nà ọ̀dọ̀ Adájọ́ Àgbà, nítorí pé wọ́n fún wa ní ìmọ̀ràn tí ó gún lórí rẹ̀. Ènìyàn lè dìde ní kóòtù kí ó sì bẹ adájọ́ fúnra rẹ̀ pé kí ó yọwọ́. Àbúrò mi fẹ́ bẹ́ẹ̀. Ó ní òun yóò sọ ọ́ sí i lójú. Agbẹjọ́rò fi ẹjọ́ Nnamdi Kanu kìlọ̀ fún un, tí ó sọ fún Adájọ́ Binta Nyako ní ilé ẹjọ́ gíga ìjọba àpapọ̀ ní Àbújá, ní ọjọ́ 24 oṣù kẹsàn-án ọdún 2024, pé òun kò ní ìgbẹ́kẹ̀lé nínú kóòtù náà mọ́. Adájọ́ náà yọwọ́ lójú ẹsẹ̀, ṣùgbọ́n adájọ́ àgbà ilé ẹjọ́ náà dá fáìlì padà sọ́dọ̀ rẹ̀, ó ní kí wọ́n kọ ẹ̀bẹ̀ wọn sílẹ̀ bí ó ti yẹ. Ó di ọdún 2025 kí ẹjọ́ náà tó dé ọ̀dọ̀ Adájọ́ James Omotosho. Ọ̀nà kejì ni kí a kọ ẹ̀sùn lọ sí ìgbìmọ̀ tí ń bá àwọn òṣìṣẹ́ kóòtù wí. Ìwọ̀nyí kì í gbé ẹjọ́ kúrò níbi kankan. Ìwà adájọ́ ni wọ́n ń wádìí, àwọn májísíréètì kò tilẹ̀ sí lábẹ́ ìgbìmọ̀ àpapọ̀ ti Àbújá, ìgbìmọ̀ iṣẹ́ ìdájọ́ ìpínlẹ̀ ni wọ́n ń jábọ̀ fún. Agbẹjọ́rò wa kò fẹ́ ìyẹn rárá. Ó ní a kò ní ẹ̀sùn ìwà kankan sí obìnrin náà, pé ẹni tí wọ́n fẹ́ sí ìdílé kan kò ṣẹ̀ ẹnikẹ́ni. Gbólóhùn yẹn wà nínú ìwé tí wọ́n kọ, ní ìpínrọ̀ kejì: pé olùbẹ̀bẹ̀ kò sọ pé adájọ́ ti ṣe ojúsàájú, ẹ̀rù tí ó ní ìdí ni ó ń bà á.

Ní ọjọ́ ajé yẹn, aago mẹ́sàn-án ku ìṣẹ́jú mẹ́wàá ni mo ti wà ní kóòtù. Olùpẹ̀jọ́ ti mú ẹlẹ́rìí rẹ̀ wá, ọmọ tí wọ́n ní àbúrò mi lù, ó wọ agbádá tí ó tóbi jù ú lọ. Agbẹjọ́rò wa kò sí níbẹ̀. Wọ́n pe ẹjọ́ wa, wọ́n ní kí ẹlẹ́rìí bọ́ sí àpótí, ọwọ́ mi sì ń gbọ̀n lórí fóònù. Ẹsẹ̀ ẹlẹ́rìí ti wà lórí àtẹ̀gùn àpótí nígbà tí agbẹjọ́rò kékeré kan láti ọ́fíìsì náà sáré wọlé, tí ó ń so kọ́là rẹ̀ mọ́rùn. Ó tọrọ àforíjì, ó sì fi ẹ̀dà ìwé náà lé akọ̀wé kóòtù lọ́wọ́. Olùpẹ̀jọ́ dìde, ó ní ìwé lásán kì í dá ẹjọ́ dúró, ó sì jàre, nítorí pé abala 306 òfin ìjọba àpapọ̀ ti ọdún 2015 yẹn kan náà, tí a ti ń wò bí ẹni pé tiwa ni, ti pa ilẹ̀kùn ẹ̀bẹ̀ ìdádúró ẹjọ́ ọ̀daràn dé, ó sì mọ̀ pé gbogbo agbẹjọ́rò inú yàrá náà mọ̀ bẹ́ẹ̀. Adájọ́ kò dá a lóhùn. Ó ka ìwé náà láti òkè dé ìsàlẹ̀, ó wo fọ́tò tí wọ́n lẹ̀ mọ́ ọn, ó pẹ́ díẹ̀ lórí rẹ̀, ó sì bọ́ awò ojú rẹ̀. Ó ní òun kò ní gba ẹlẹ́rìí lónìí, pé òun náà yóò kọ̀wé sí Adájọ́ Àgbà. Ó sún ìgbẹ́jọ́ síwájú. Ohùn rẹ̀ kò yí padà. Láti ọjọ́ yẹn ni n kò ti lè sọ ọ̀rọ̀ burúkú kan nípa obìnrin náà, bẹ́ẹ̀ ìdí mẹ́jọ tí mo kọ sílẹ̀ nípa rẹ̀ ṣì wà nínú àpò mi.

Ọ̀sẹ̀ mẹ́fà lẹ́yìn náà ni ìwé wá pé wọ́n ti gbé ẹjọ́ náà wá sí kóòtù májísíréètì ní Òkè-Ẹ̀dá, Àkúrẹ́. Ẹni tí ó bá rò pé ìṣẹ́gun nìyẹn, kí ó gbọ́ iye tí ó ná wa. Láti ìbẹ̀rẹ̀ ni ẹjọ́ tún ti bẹ̀rẹ̀: wọ́n tún ka ẹ̀sùn sí i lẹ́sẹ̀, ó tún ní òun kò jẹ̀bi, àwọn oníduúró tún fọwọ́ sí ìwé. Gbogbo ọjọ́ ìgbẹ́jọ́ ni àbúrò mi ń gun ọkọ̀ láti Oǹdó, tí iṣẹ́ oko ọjọ́ náà sì ń parẹ́. Àwọn ará oko kejì náà ń gun ọkọ̀, èébú ọ̀nà náà sì ń padà sórí wa lábúlé. A kì í ti kóòtù bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́, ṣùgbọ́n a ti máa ń kí ara wa lójú ọ̀nà oko tẹ́lẹ̀. Wọn kò kí wa mọ́.

Adájọ́ tuntun kò sì rọ̀ ju ti àkọ́kọ́ lọ. Ọjọ́ àkọ́kọ́ ni ó bá àbúrò mi wí pé ó pẹ́ dé, ó sì ní bí ó bá tún ṣe bẹ́ẹ̀, òun yóò fa béèlì rẹ̀ ya. Nígbà tí mo pe agbẹjọ́rò wa láti fi ẹjọ́ sùn, ó rẹ́rìn-ín, ó ní: “Ẹ kò bẹ̀bẹ̀ fún adájọ́ tí yóò gbè yín, sà. Ẹni tí kò mọ̀ yín rí ni ẹ bẹ̀bẹ̀ fún, wọ́n sì ti fún yín.”

Ṣé mo lè rán ẹlòmíràn lọ sí ọ́fíìsì yìí? Bí ẹ̀rù rẹ̀ bá ní ìdí tí ó lè fi ọwọ́ kàn, bẹ́ẹ̀ ni, ṣùgbọ́n kí ó lọ nígbà tí ẹlẹ́rìí kò tíì wọ àpótí, kí ó mú nọ́ńbà ẹjọ́ rẹ̀ lọ lórí ìwé tí kóòtù fún un, kí ó sì fi ojú ara rẹ̀ ka gbogbo ojú ewé kí ó tó fọwọ́ sí i. Kí ó béèrè fún obìnrin oníbírò pupa náà, kí ó má gbà kí wọ́n fi í lé ẹlòmíràn lọ́wọ́. Bí ó bá jẹ́ pé inú ló kàn ń bí i sí adájọ́, kí ó fi owó rẹ̀ pamọ́, nítorí pé ìlà pupa ni yóò rà. Mo fún wọn ní ìràwọ̀ mẹ́rin nínú márùn-ún lórí ọ̀rọ̀ òfin àti ìwà sí ẹlẹ́rìí, àti méjì lórí àkókò. Rìsíìtì ₦40,000 tí a san gbẹ̀yìn ṣì wà lọ́dọ̀ wọn, ẹ̀ẹ̀mẹta ni mo ti béèrè rẹ̀, ó sì “ti wà lórí tábìlì ọ̀gá.”